Ìmẹ̀sí-Ilé rèé o: ìlú tí wọ́n ti parí ogun Kírìjì, tí Ṣúùtìn sì pa télọ̀ lẹ́kún

Lẹ́tà kan ló gbé mi dé Ìmẹ̀sí-Ilé. Ẹ̀yin òǹkàwé wa tí ẹ máa ń kọ̀wé sí wa lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, ẹ má rò pé a kì í kà á o. À ń kà á. Ẹni tó kọ èyí kò fi orúkọ sí i, "Télọ̀ kan ní Ìmẹ̀sí-Ilé" ló kàn kọ sísàlẹ̀ ìwé. Ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò gùn. Ó ní gbogbo ìgbà tí a bá ti fẹ́ sọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù, Èkó àti Ìbàdàn la máa ń sáré lọ, àfi bíi pé àwọn ará ìlú kéékèèké kò ní ọkàn tó lè bàjẹ́. Ó ní kí a wá bi òun léèrè ohun tí ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù Shooting Stars ti Ìbàdàn fi ojú òun rí lọ́dún 2017. Ọ̀gá wa ka ìwé náà tán, ó rẹ́rìn-ín, ó ní, "Ìwọ tó o lẹ́nu jù nínú ọ́fíìsì yìí, lọ bá a."

Bí mo ṣe gbéra nìyẹn.

Ní gáréèjì Òṣogbo, mọ́tò kò tètè kún. Àwa mẹ́ta la kọ́kọ́ jókòó: èmi, màmá alátà kan tó kó agbọ̀n tòmátì méjì dání, àti bàbá kan tó ti sùn lọ kí dírẹ́bà tó ṣáná sí mọ́tò. Màmá alátà bi mí pé níbo ni mò ń lọ. Mo ní Ìmẹ̀sí-Ilé. Ó ní kí ni mo fẹ́ lọ ṣe níbẹ̀. Mo ní ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù ni. Ó wò mí láti òkè délẹ̀, ó ní, "Ọmọ mi, o ò wá rí iṣẹ́ mìíràn ṣe ni?" Dírẹ́bà bú sẹ́rìn-ín. Bàbá tó ń sùn lajú, ó rẹ́rìn-ín tiẹ̀ náà, ó tún sùn padà.

A gba ọ̀nà Ìbòkun, níbi tí olú ìlú ìjọba ìbílẹ̀ Ọbòkun wà. Kòkó ló wà lọ́tùn-ún lósì, ọ̀gẹ̀dẹ̀ ń yọjú láàárín rẹ̀. Nígbà tí a dé Ẹ̀sà-Òkè, dírẹ́bà rọra dẹ ẹsẹ̀, ó ní, "Ìlú Bọ́lá Ìgè rèé o." Kò sí ẹni tí kò mọ̀ ọ́n nínú wa. Olóyè Bọ́lá Ìgè ló ṣe gómìnà ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ láti oṣù Kẹwàá ọdún 1979 títí di 1983, nígbà tí Òṣogbo àti gbogbo ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà ṣì wà lábẹ́ Ọ̀yọ́. Láàárín ìgbà yẹn, ẹ̀ẹ̀mejì ni Ṣúùtìn gba ife líìgì Nàìjíríà, 1980 àti 1983. Ní ọjọ́ 23 oṣù Kejìlá ọdún 2001 làwọn apààyàn wọlé bá Ìgè nílé rẹ̀ ní Ìbàdàn, ẹ̀yin náà rántí ariwo ọjọ́ yẹn. Màmá alátà kò sọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù mọ́, ó mi orí, ó ní, "Ọmọlúàbí ni."

Láti ibẹ̀ ni òkè ti bẹ̀rẹ̀ sí yọ. Ẹni tó bá ti ń gbé ní pẹ̀tẹ́lẹ̀ bíi tèmi kò ní ṣàì ya ẹnu. Òkè níwájú, òkè lẹ́yìn, ìlú wá jókòó sí àárín wọn bí ẹyin nínú ìtẹ́. Òkè-Ìmẹ̀sí tó jẹ́ ti Èkìtì kò jìnnà síbẹ̀ rárá, òkè ló kàn dá wọn láàárín. Orúkọ wọn jọra, ẹ má ṣi í gbọ́: Ìmẹ̀sí-Ilé ni ti Ọ̀ṣun níbí, èkejì ni ìlú Fábùnmi, jagunjagun tó pa ajẹ́lẹ̀ Ìbàdàn lọ́dún 1878, tí ọ̀rọ̀ fi di iṣu ata yán-an-yàn-an.

N kò lè dé ìlú yìí kí n má sọ ti ogun Kírìjì, nítorí òun ló mú kí ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù tí mo bá wá yà mí lẹ́nu. Láti 1877 ni Ìbàdàn àti Èkìtìparapọ̀ ti gbé ìjà ko ara wọn. Ìjẹ̀ṣà, Èkìtì àti àwọn mìíràn para pọ̀ nítorí pé ajẹ́lẹ̀ tí Ìbàdàn fi sí ìlú wọn ti ni wọ́n lára. Ògèdèǹgbé Iléṣà ló ṣe olórí ogun fún wọn. Ààrẹ Látòósà ló ṣáájú Ìbàdàn, ojú ogun náà ló sì kú sí lọ́dún 1885. Ìró àgbá ni wọ́n fi sọ ogun náà lórúkọ, kì-rì-jì, kì-rì-jì, láàárín àwọn òkè wọ̀nyí. Bí ẹ bá dúró níbẹ̀ tí ẹ pariwo, ẹ ó gbọ́ bí òkè ṣe ń dá a padà, ẹ ó sì mọ ìdí tí orúkọ yẹn fi bá a mu. Ọjọ́ 23 oṣù Kẹsàn-án ọdún 1886 ni wọ́n fọwọ́ sí ìwé àdéhùn àlàáfíà, ní Ìmẹ̀sí-Ilé yìí kan náà. Alàgbà Samuel Johnson tó kọ ìtàn Yorùbá wà lára àwọn tó ń sáré láàárín ìhà méjèèjì kí ọ̀rọ̀ tó rọlẹ̀. Àmọ́ títí di 1893 ni gbogbo rẹ̀ tó tán pátá.

Ọdún mẹ́rìndínlógún ni wọ́n fi ba ara wọn jà. Àwọn ọmọ ọmọ àwọn tó gbé ìbọn ko Ìbàdàn ni wọ́n wá di ẹni tó ń sunkún torí pé bọ́ọ̀lù Ìbàdàn kò wọlé. Ẹ ò rí nǹkan?

(Ẹ jẹ́ kí n fi èyí kún un, nítorí àwọn ìyá ọlọ́mọ tó ń kà wá. Ìlú kékeré yìí ni dókítà òyìnbó kan, David Morley, tó ń ṣiṣẹ́ ní ọsibítù Wesley Guild ní Iléṣà, ti dá kílíníìkì ọmọ tí kò tíì pé ọdún márùn-ún sílẹ̀ láàárín ọdún 1950 sí 1960. Káàdì tí nọ́ọ̀sì fi ń kọ ìwọ̀n ọmọ yín, tó ní ìlà tó ń gòkè, ibí ló ti ṣiṣẹ́ lé e lórí, kí ayé tó gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Ìmẹ̀sí-Ilé kì í ṣe ìlú tí a fi ń ṣeré.)

Ó wá ku bí mo ṣe máa rí télọ̀ mi. Ẹni tí kò fi orúkọ síwèé, báwo lèèyàn ṣe ń wá a? Mo bá ọ̀nà ọjà lọ, gbogbo ibi tí mo bá ti gbọ́ ìró ẹ̀rọ ìránṣọ, mo wọlé kí wọn. Ṣọ́ọ̀bù àkọ́kọ́, obìnrin ni, aṣọ àwọn akọrin ló ń rán, ó ní bọ́ọ̀lù kọ́ ni tòun. Èkejì ní Arsenal lòun ń ṣe. Ní ẹ̀kẹta, mo rí nǹkan kan lára ògiri kí n tó kí ẹnikẹ́ni: jẹ́ẹ̀sì méje, àwọ̀ búlúù, ọrùn funfun, a fi wọ́n kọ́ lẹ́sẹẹsẹ, eruku ti bo èjìká wọn.

Mo ní, "Ẹ kú iṣẹ́ o, Bàbá. Ṣé ẹ̀yin lẹ kọ̀wé sí wa?"

Bàbá náà kò gbójú sókè. Ó fa òwú já, ó ní, "Ó pẹ́ kẹ́ ẹ tó dé."

Ó ti lé lẹ́ni ọgọ́ta ọdún dáadáa. Ìyàwó rẹ̀ ń ta gààrí àti ẹ̀wà níwájú ṣọ́ọ̀bù, òun ló gbé àga fún mi. Gbogbo ìgbà tí bàbá ń sọ̀rọ̀, màmá kò wọ̀ ọ́ lẹ́nu, ṣùgbọ́n ó ń kùn. Ẹ fi kíkùn yẹn sọ́kàn.

Ìbàdàn ni bàbá ti kọ́ṣẹ́ ìránṣọ. Ọmọ ẹ̀kọ́ṣẹ́ ni lọ́dún 1976, nígbà tí wọ́n ṣì ń pe Ṣúùtìn ní IICC, tí wọ́n fi àpapọ̀ góòlù 4 sí 2 na Tonnerre ti Yaoundé, tí wọ́n sì gba ife àwọn tó gba ife nílẹ̀ Áfíríkà. Kò sí ẹgbẹ́ Nàìjíríà kankan tó gba ife Áfíríkà rí ṣáájú wọn. Ó ní ọ̀gá òun ti ṣọ́ọ̀bù lọ́jọ́ yẹn, ó fún àwọn ọmọ iṣẹ́ lówó mínírà. Ó ń dárúkọ wọn bí ẹni ń ka oríkì: Ṣẹ́gun Ọdẹ́gbàmí, Felix Owólabí, Best Ogedegbe tó ń ṣọ́ ilé. Nígbà tó kan Múdà Lawal, ó gbé síṣọ́ọ̀sì sílẹ̀.

"Mẹkáníìkì ni Múdà kó tó di agbábọ́ọ̀lù. Ọmọ iṣẹ́ ọwọ́ bíi tiwa. Epo mọ́tò wà lọ́wọ́ ẹ̀ kí góòlù tó dé ẹsẹ̀ ẹ̀. Ìgbà tó jẹ góòlù kẹta tá a fi na Algeria ní 1980 tá a gba ife Áfíríkà l'Ékòó, gbogbo àwa oníṣẹ́ ọwọ́ ni a jẹ ẹ́."

Wọn ò tíì bí mi ní 1980. Wọn ò tíì bí mi nígbà tí Múdà kú ní 1991 pàápàá. Ṣùgbọ́n bí bàbá ṣe ń sọ ọ́, ó dà bíi pé mo rí epo mọ́tò náà.

Mo wá bi í ní ìbéèrè tó ń jẹ mí lẹ́nu. Mo ní, "Bàbá, ẹ má bínú o. Ọmọ Ìjẹ̀ṣà ni yín. Orí ilẹ̀ yìí ni wọ́n ti bá Ìbàdàn jagun. Báwo lẹ ṣe wá ń bá Ìbàdàn sunkún bọ́ọ̀lù?"

Ó wò mí bí ẹni wo ọmọ tí kò lọ sílé ìwé. Ó ní, "Ṣé Ìbàdàn nìkan ló ni ín ni? Nígbà tí wọ́n ń dá a sílẹ̀, gbogbo wa la wà ní Ìwọ̀-Oòrùn. 1976 tí wọ́n dá ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́, a wà níbẹ̀. Owó orí wa wà nínú ẹ̀. Owó kòkó wa wà nínú ẹ̀. Ọmọ Modákẹ́kẹ́ ni Onígbìndé tó kọ́ wọn. Ìgbà tí wọ́n pín wa sí Ọ̀ṣun ní 1991, wọ́n pín mọ́tò, wọ́n pín àga, wọ́n pín àwọn akọ̀wé. Ta ló pín Ṣúùtìn? Ọkàn kì í ṣe àga tí wọ́n ń pín." Ó mú síṣọ́ọ̀sì rẹ̀ padà. "Ti ogun tẹ́ ẹ sì ń sọ yẹn, ibí la ti parí ẹ̀. Ẹni tó parí ìjà, ṣé ó yẹ kó tún máa jà á kiri?"

Kí n sọ òótọ́, mi ò rí èsì fọ̀.

Ní ti Modákẹ́kẹ́ tó dárúkọ, òótọ́ ni. Adégbóyè Onígbìndé ló kọ́ Ṣúùtìn dé àṣekágbá ife àwọn ọ̀gá ẹgbẹ́ ilẹ̀ Áfíríkà ní 1984. Bàbá ti padà sí Ìmẹ̀sí-Ilé nígbà yẹn, ó ti ní ṣọ́ọ̀bù tirẹ̀. Zamalek ti ilẹ̀ Íjíbítì na Ṣúùtìn ní góòlù 2 sí òdo ní Kairo. Gbogbo èèyàn ní kò burú, wọ́n á bọ̀ wá bá wa nílé. Wọ́n bọ̀ lóòótọ́, ní oṣù Kejìlá, wọ́n tún jẹ ọ̀kan sí i. Òdo ni tiwa. Bàbá ní rédíò kan ṣoṣo ni àwọn bíi ogójì èèyàn yí ká, nígbà tó parí, kò sẹ́ni tó dìde láti pa á, òkúta rédíò fúnra rẹ̀ ló kú. Lẹ́yìn bọ́ọ̀lù yẹn ni Ọdẹ́gbàmí fẹ̀yìn tì. Ní 1996, Zamalek yìí náà tún ni. Ṣúùtìn na wọ́n 2 sí 1 ní Ìbàdàn, àwọn náà na Ṣúùtìn 2 sí 1 ní Kairo, wọ́n wá fi pẹnárítì gba ife lọ.

"Ìyẹn dùn wá," bàbá ní, "ṣùgbọ́n ẹni tó bá dé àṣekágbá, ó dé ibì kan. Ti 2017, ibo la dé?"

Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé 2017 fún ẹ̀yin tí ẹ kì í tẹ̀ lé bọ́ọ̀lù, n kò ní pẹ́. Ogún ẹgbẹ́ ló wà nínú líìgì àgbà Nàìjíríà lọ́dún náà. Ìgbà méjìdínlógójì ni ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan gbá bọ́ọ̀lù, láti oṣù Kìíní títí di oṣù Kẹsàn-án. Bí o bá borí, o gba máàkì mẹ́ta; bí ẹ bá ta ọ̀mì, ọ̀kọ̀ọ̀kan. Mẹ́rin tó bá wà nísàlẹ̀ pátá nígbà tó bá parí, líìgì kékeré ni wọ́n ń já sí. Nílẹ̀ wa, ẹni tó gbàlejò ló sábà máa ń wọlé. Ìdí nìyí tí ẹgbẹ́ tó bá ń ta ọ̀mì nílé fi ń gbẹ́ kòtò ara rẹ̀, nítorí níbo ló ti fẹ́ lọ rí máàkì yẹn mú bọ̀? Nígbà tí wọ́n ṣe ìṣirò tán ní oṣù Kẹsàn-án, Plateau United ti Jọ́ọ̀sì ló gba ife. Ṣúùtìn wà nínú mẹ́rin tó já. Remo Stars ti Ìkẹ́nnẹ́ náà já. Ẹgbẹ́ tó kọ́kọ́ gbé ife Áfíríkà wá sí Nàìjíríà wá di ẹni tó ń lọ gbá bọ́ọ̀lù pẹ̀lú àwọn tí ẹ ò gbọ́ orúkọ wọn rí.

Àwọn ará Ìmẹ̀sí-Ilé ní àlàyé tiwọn, ẹnu kọ̀ọ̀kan ló ní tirẹ̀. Ọkùnrin kan tó wá gba ṣòkòtò rẹ̀ ní owó oṣù ni kì í tètè dé ọ̀dọ̀ àwọn ọmọ náà, pé ebi kì í jẹ́ kí ẹsẹ̀ yá. Ẹlòmíràn ní kóòṣì ni. Èrò tèmi rèé, ẹ gbà á tàbí kí ẹ fi sílẹ̀: ẹgbẹ́ tó bá jẹ́ pé ìjọba nìkan ló ń bọ́ ọ, ọjọ́ tí ojú ìjọba bá wà níbòmíràn, àwẹ̀ ló máa gbà. Àwọn tó sì ń fi ọkàn wọn bọ́ ọ, kò sí ẹni tó ń pè wọ́n sí ìpàdé.

A ti dé ibi tí jẹ́ẹ̀sì búlúù ti wọ ọ̀rọ̀ báyìí.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2017, àwọn olólùfẹ́ Ṣúùtìn ní ìlú kó ara wọn jọ. Wọ́n ní àwọn fẹ́ máa háyà bọ́ọ̀sì lọ sí pápá Lékan Sàlámì ní Adamásingba, aṣọ kan náà ni gbogbo wọn máa wọ̀. Ta ni kó rán an? Bàbá ni. Ogójì jẹ́ẹ̀sì, ₦1,500 lọ́kọ̀ọ̀kan, ₦60,000 lápapọ̀. Wọn ò san kọ́bọ̀ sílẹ̀. Ọmọ ìyá ni gbogbo wọn, ta ló máa béèrè àsansílẹ̀ lọ́wọ́ ẹni tí ẹ jọ ń pariwo "Ùp Ṣúùtìn"?

Ibo lowó aṣọ ti wá? Ìbéèrè yìí ni màmá dáhùn. Ó fi ìgò gààrí sílẹ̀, ó yíjú sí wa.

"Àjọ mi ni. ₦35,000. Mo ti dá a fún oṣù méje. WAEC ọmọ wa obìnrin ni mo ń dá a fún. Ó ní kí n yá òun, pé kó tó di oṣù Kẹfà òun á ti kó o padà, a ó sì jẹ èrè lórí ẹ̀."

Mo wo bàbá. Bàbá ń wo abẹ́rẹ́.

Ó rán ogójì náà pé, ó rán an dáadáa, mo fọwọ́ kàn án, ẹsẹ̀ òwú rẹ̀ kò yẹ̀. Bí Ṣúùtìn bá borí, wọ́n á wá gba méjì mẹ́ta. Bí wọ́n bá fìdí rẹmi, kò sẹ́ni tó máa yọjú lọ́sẹ̀ náà. Nígbà tó di oṣù Keje, àwọn oníbàárà tó ti wọn aṣọ sọ́rùn ti ń gba ẹ̀yìnkùlé kọjá. Mẹ́sàn-án péré ló sanwó, ₦13,500. Ó ku mọ́kànlélọ́gbọ̀n lọ́wọ́ rẹ̀, nígbà tí wọ́n sì já ní oṣù Kẹsàn-án, ta ló fẹ́ wọ aṣọ ìtìjú?

Ohun tó wá dùn mí jù, tó sì fẹ́ pa mí lẹ́rìn-ín pọ̀, ni pé Òṣómàáló ni bàbá tó bí i. Ẹ̀yin tí ẹ jẹ́ ọmọ Ìjẹ̀ṣà mọ̀ ọ́n. Ẹ̀yin tí ẹ kì í ṣe ọmọ Ìjẹ̀ṣà, bóyá wọ́n ti lóṣòó sílé àwọn ìyá ìyá yín rí. Àwọn aláṣọ Ìjẹ̀ṣà ni, tí wọ́n ń ru aṣọ káàkiri ilẹ̀ Yorùbá, tí wọ́n ń tà á láwìn, tí ọjọ́ owó bá pé, wọ́n á wá lóṣòó sí ẹnu ọ̀nà onígbèsè: òṣó ni màá ló títí n ó fi gba owó mi. Kò sí onígbèsè tó lè sùn. Ọmọ irú bàbá bẹ́ẹ̀ wá ń wo ₦46,500 níta, kò lè lóṣòó sílé ẹnikẹ́ni.

Mo ní, "Kí ló dé tẹ́ ẹ ò lọ lóṣòó?"

Ó ní, "Tí mo bá dé ilé ẹni tó ń sunkún, tí èmi náà ń sunkún, ta ló máa sin ta?"

Màmá kò sunkún, inú ló ń bí i. Ọmọ wọn kò lè fi orúkọ sílẹ̀ fún WAEC ọdún 2018. Gbogbo àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ lọ jókòó ṣe ìdánwò, òun jókòó síwájú ṣọ́ọ̀bù ń bá ìyá rẹ̀ wọn gààrí. 2019 ló tó ṣe é, owó gààrí náà ló sì san án. Ó yege, iṣẹ́ olùkọ́ ló ń ṣe ní Iléṣà báyìí, Ọlọ́run ṣeun. Ṣùgbọ́n ọdún kan lára ọmọ obìnrin, ẹ̀yin ìyá, ẹ mọ ohun tó jẹ́.

"Wọ́n ní Ṣúùtìn já," màmá ní. "Ọmọ tèmi náà já. Ṣé ẹnikẹ́ni nínú àwọn tó ń gbá bọ́ọ̀lù yẹn mọ ibi tí Ìmẹ̀sí-Ilé wà?"

Kò sẹ́ni tó dá a lóhùn. Ọkùnrin tó wá gba ṣòkòtò kí wa, ó lọ.

Bàbá kò sì joyè ọ̀lẹ pẹ̀lú aṣọ tó ṣẹ́kù. Ó tú méjìlá, ó fi rán aṣọ ìsùn ọmọdé, ó tà wọ́n lọ́jà. Mẹ́sàn-án di ìrọ̀rí. Mẹ́ta, ó fún àwọn ọmọ tó ń gbá bọ́ọ̀lù lẹ́yìn ilé. Méje ni ó fi kọ́ sára ògiri, ó ní wọn kì í ṣe títà.

Ní ìrọ̀lẹ́, mo lọ wo àwọn ọmọ náà. Erùpẹ̀ pupa ni pápá wọn, igi méjì-méjì ni ilé. Nínú àwọn bíi ogún tó wà níbẹ̀, Chelsea, Barcelona àti Man U ló wà lẹ́yìn ọ̀pọ̀ wọn. Mo bi ọ̀kan léèrè pé ṣé ó mọ Múdà Lawal. Ó ní ẹgbẹ́ wo ló wà. Mo bi í pé ṣé ó mọ Ṣúùtìn. Ó ní, "Ti bàbá télọ̀?" Ẹ dákun, ẹ má bá a wí. Ilé ìwòran tó wà nílùú, bọ́ọ̀lù òyìnbó ni wọ́n fi ń pawó, àwọn ọmọ yìí mọ ibi tí wọ́n ti ń gbá a ní Lọ́ńdọ̀nù ju Adamásingba lọ. Ní Òṣogbo níbí, ẹgbẹ́ Prime wà, tí wọ́n wá yí orúkọ rẹ̀ padà sí Osun United, ṣùgbọ́n mi ò gbọ́ kí ẹnikẹ́ni dá a lórúkọ ní Ìmẹ̀sí-Ilé títí mo fi kúrò níbẹ̀. Bóyá ìfẹ́ kì í tètè yí ìpínlẹ̀ padà.

Mo padà sí ṣọ́ọ̀bù láti dágbére. Màmá ti gún iyán. Ẹ ò lè dé ilé Ìjẹ̀ṣà kí ẹ lọ láìjẹ iyán, ẹ̀ṣẹ̀ ni. Ibi tí a ti ń jẹun ni wọ́n ti sọ ohun tó mú bàbá gbé bírò fún mi. Ní 2021, Ṣúùtìn àti Remo Stars jọ gòkè padà sí líìgì àgbà lọ́dún kan náà. Inú bàbá dùn, ó nu eruku ara àwọn jẹ́ẹ̀sì. Ṣùgbọ́n ní 2025, Remo Stars ló gba ife líìgì, àkọ́kọ́ irú rẹ̀ fún wọn. Ìgbà ìkẹyìn tí Ṣúùtìn gbà á, 1998 ni. Àwọn ọ̀dọ́ kan wá bá bàbá, wọ́n ní kó rán jẹ́ẹ̀sì Remo Stars fún àwọn. Àwọ̀ sánmà ni wọ́n ń wọ̀, búlúù náà ni. Bàbá lé wọn jáde. Alẹ́ ọjọ́ yẹn ló kọ̀wé sí wa.

Màmá ní, "Mo pè wọ́n padà ní ẹ̀yìn ẹ̀." Bàbá gbé òkèlè dúró lọ́wọ́. "Mo ní kí wọ́n san gbogbo owó sílẹ̀, mo kà á, mo so ó mọ́ ìrọ́ mi, kí n tó ní kó wọ̀n wọ́n. Ó rán an. Ó bínú fún ọjọ́ mẹ́ta, ó rán an."

Bàbá ní, "Búlúù ni mo rán. Mi ò fi orúkọ kankan sí i."

Kí n tó jáde, mo ní mo fẹ́ ra ọ̀kan nínú méje tó wà lára ògiri. Bàbá ní rárá, ó ti sọ fún mi pé wọn kì í ṣe títà, pé ọjọ́ tí Ṣúùtìn bá gba líìgì ni òun máa... Kó tó sọ ọ́ tán, màmá ti gun àpótí, ó ti já ọ̀kan, ó ti gbọn eruku rẹ̀, ó ti ká a sínú ọ̀rá. ₦3,000 ni. Mo ní kó gba ₦2,500. Kò dá mi lóhùn, ó kàn na ọwọ́.